Mo fẹ́ ra ọkọ̀ ojú omi àlòkù ní Texas: kí ni mo lè ṣe kí n má bàa gbé zebra mussel kiri?

Ọmọ Ẹlẹ́ja

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará ilé. Láti ìgbà tí mo ti dé Texas ni mo ti ń dúró létí omi ju ìwọ̀. Ó ti wá sú mi, mo fẹ́ bọ́ sórí omi. Ọkùnrin kan nítòsí Denison fẹ́ ta ọkọ̀ alumíníọ̀mù kan fún mi, pẹ̀lú tirélà àti ẹ́ńjìnnì rẹ̀. Owó rẹ̀ kò gani lára. Àmọ́ inú Lake Texoma ni ọkọ̀ náà wà ní gbogbo ìgbà ooru yìí, mo sì rí pátákó ńlá níbi tí wọ́n ti ń sọ ọkọ̀ sómi níbẹ̀ tó ń kìlọ̀ nípa zebra mussel, ẹran omi kékeré oníkarawun tó máa ń lẹ̀ mọ́ ọkọ̀. Adágún kékeré kan wà ládùúgbò wa tí mo fẹ́ máa lò, wọn ò tíì rí nǹkan náà níbẹ̀, mi ò sì fẹ́ kó jẹ́ èmi ni mo máa gbé e débẹ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ń wa ọkọ̀ tipẹ́, kí ni kí n yẹ̀ wò kí n tó sanwó? Kí ni kí n fi fọ̀ ọ́? Ìyàwó mi ní kí n ṣáà da bílíìṣì sí i, kí n yéé dààmú ara mi.

Bàbá Ìbejì, Denton

Àbúrò, kú oríire ọkọ̀ tó ń bọ̀. Ó dáa tó o béèrè kí owó tó kúrò lápò rẹ, torí Texoma gan-an ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí zebra mussel ní Texas, lọ́dún 2009. Láti ìgbà yẹn ló ti ń ti adágún kan bọ́ sí òmíràn. Ó dé Ray Roberts ní 2012, ó dé Lewisville àti Belton ní 2013, nígbà tó fi máa di 2017 ó ti wà ní Lake Travis lẹ́bàá Austin àti ní Canyon Lake. Wo máàpù kó o rí i: orí Red River ni Texoma wà, omi Belton sì ń ṣàn lọ sí Brazos. Àwọn odò méjèèjì yìí ò pàdé níbì kankan. Orí tirélà ni nǹkan yìí ti ń rìn.

Àgbà rẹ̀ kò tóbi, ọ̀pọ̀ wọn ò ju èékánná àtàńpàkò lọ. Ìkarawun méjì tó pàdé ni, ó ní ìlà dúdú àti pupa rúsúrúsú lára, ó sì máa ń fi àwọn fọ́nrán wẹ́wẹ́ so ara rẹ̀ mọ́ ohunkóhun tó bá le: irin, ike, òkúta, ara ọkọ̀. Ìyẹn kò nira, ojú á rí i, ọwọ́ á há a kúrò. Ọmọ rẹ̀ ló ń dá wàhálà sílẹ̀. Abo kan lè yé ẹyin tó mílíọ̀nù kan lọ́dún. Àwọn ọmọ yẹn kéré débi pé ojú lásán ò lè rí wọn, wọ́n á sì máa léfòó kiri fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan kí wọ́n tó wá ibi dì mọ́. Omi tó kù sí ìsàlẹ̀ táńkì ẹja inú ọkọ̀ rẹ, tó o rò pé kò tó nǹkan, ó lè kó wọn. Ẹni tó bá ń há ìkarawun tó sì fi omi sílẹ̀ nínú ọkọ̀ fi ètè sílẹ̀, ó ń pa làpálàpá.

Bó o bá dé ọ̀dọ̀ ọkùnrin yẹn, má kánjú. Fi àtẹ́lẹwọ́ ra abẹ́ ọkọ̀ náà láti iwájú dé ìdí. Ibi tó yẹ kó máa jọ̀lọ̀, bó bá ń ha ọ́ lọ́wọ́ bíi sáńpépà, má gbà fún un pé ìdọ̀tí lásán ni. Àwọn kékeré tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dì mọ́ ọn lè wà níbẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, tan iná fóònù rẹ kó o yẹ ihò tí ẹ́ńjìnnì ti ń fa omi wò, àti àyíká abẹ́bẹ̀ ẹ́ńjìnnì, abẹ́ ẹ̀rọ tó ń wo ẹja, ihò ìdí ọkọ̀ tí omi ń gbà jáde, tí plọ́ọ̀gì ń dí, okùn ìdákọ̀ró, pẹ̀lú igi tí wọ́n fi kápẹ́ẹ̀tì bò lórí tirélà. Kápẹ́ẹ̀tì yẹn máa ń pẹ́ gan-an kó tó gbẹ.

Ìbéèrè méjì ni kó o bi í. Ọjọ́ wo ló gbé e kúrò lómi gbẹ̀yìn? Ṣé orí omi ló máa ń sùn ni, àbí orí tirélà? Ọkọ̀ tó ń sun orí omi fún oṣù mélòó kan ni ẹ̀rù rẹ̀ ń bà mí jù.

Ìyá Ọlọ́kọ̀

Àbúrò mi, bá mi kí ìyàwó rẹ, ṣùgbọ́n gba bílíìṣì yẹn lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ń pa nǹkan yìí lóòótọ́, àmọ́ ó ń ba rọ́bà jẹ́, ó ń jẹ okùn, ó ń jẹ irin, bó bá sì ṣàn wọnú adágún, ẹja tó o fẹ́ lọ pa ló máa kọ́kọ́ kú.

Omi gbígbóná ni kó o lò. Bó bá gbóná tó 140°F tó sì bà wọ́n fún ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá lójú kan, ó parí. Omi inú ilé ọ̀pọ̀ wa kì í gbóná tó bẹ́ẹ̀, nítorí náà wá ibi ìfọkọ̀ tó ní ẹ̀rọ omi gbígbóná, tàbí kó o háyà ẹ̀rọ náà. Rọra máa gbé ẹnu rẹ̀ kiri, kó sì sún mọ́ ara ọkọ̀. Ẹni tó bá ń fọn ọ́n láti òkèèrè, omi ti tutù kó tó débẹ̀.

Ohun tí mò ń ṣe ní gbogbo ìgbà tí ọkọ̀ bá jáde lómi nìyí. Mo máa wa mọ́tò kúrò lójú ọ̀nà tí wọ́n ti ń fa ọkọ̀ gòkè, kí ẹlòmíràn lè ríbi lò. Màá yọ plọ́ọ̀gì ìdí ọkọ̀. Màá sọ ẹ́ńjìnnì kalẹ̀ pátápátá kí omi inú rẹ̀ dà jáde, torí bó bá wà lókè, omi á jókòó sínú rẹ̀. Màá ṣí táńkì ẹja, màá da kúlà nù, màá fi tówẹ̀lì nu ibi tó bá rẹlẹ̀. Màá wá yí tirélà po, màá fọwọ́ já gbogbo koríko omi tó bá lọ́ mọ́ ọn. Ẹ má fojú kékeré wo koríko yẹn o, ara rẹ̀ ni àwọn ìkarawun wẹ́wẹ́ fẹ́ràn láti dì mọ́. Gbogbo rẹ̀ kì í pẹ́ tó àkókò tí ọkọ mi fi ń tú ìwọ̀ tó lọ́ mọ́ra wọn.

Tó bá délé, ó di gbígbẹ. Ọ̀sẹ̀ kan ó kéré tán, kí gbogbo ara rẹ̀ gbẹ kanlẹ̀, kó tó tún wọ omi míì. Oòrùn Texas máa bá ẹ ṣiṣẹ́ yẹn lọ́fẹ̀ẹ́ nígbà ooru. Nígbà òtútù tàbí nígbà tí òjò bá ń rọ̀ léraléra, fi kún ọjọ́ náà, torí níbi tó bá tutù tó sì lómi lára, àgbà zebra mussel lè wà láàyè lẹ́yìn omi ju ọ̀sẹ̀ kan lọ. Tó ò bá ráyè dúró, ìgbà yẹn ni omi gbígbóná di dandan.

Ṣọlá, Plano

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú, mi ò lóye ariwo yìí. Texoma ní i, Lewisville ní i, Ray Roberts ní i. Ó ti tàn ká. Kí la tún ń ṣọ́?

Bàbá Ìbejì, Denton

Ṣọlá, ìwọ gan-an tó o wà ní Plano ló yẹ kó kàn jù. Iléeṣẹ́ tó ń pọnmi fún ìlú yín, North Texas Municipal Water District, máa ń fa omi láti Texoma. Nígbà tí wọ́n rí zebra mussel níbẹ̀ ní 2009, wọ́n ní láti dá a dúró, torí wọn ò lè jẹ́ kó bá omi wọnú adágún míì. Páìpù tuntun ni wọ́n wá rì, ó lé ní 40 máìlì, láti Texoma títí dé ibi tí wọ́n ti ń tọ́jú omi ní Wylie, kí omi náà má bàa fara kan adágún kankan lójú ọ̀nà. Nǹkan bí 300 mílíọ̀nù dọ́là ló gbà, ó sì tó ọdún 2014 kí omi tó máa gba ibẹ̀ kọjá. Ṣé o rò pé àwọn ará òkè ọ̀run ló sanwó náà? Inú bíìlì omi tó ń wọlé wá bá ẹ ni.

Ní ti pé ó ti tàn ká: kò tíì dé ibi gbogbo. Adágún tó wà ní Texas pọ̀ ju èyí tó ti ràn lọ. Àbúrò yìí ò béèrè bí yóò ṣe gba Texoma là, ti adágún ìtòsí ilé rẹ̀ ló ń béèrè.

Àdùkẹ́ Austin

Ẹ jẹ́ kí n bá Bàbá Ìbejì gbè é lẹ́sẹ̀. Ní oṣù kejì ọdún 2019, omi ẹ̀rọ níbí dédé ń rùn. Èèyàn á ṣí ẹ̀rọ láti bu omi ìrẹsì, òórùn ẹrẹ̀ àti ẹja ló máa kọ́kọ́ kí i. Nígbà tí ìlú wádìí ẹ̀, zebra mussel tó wà nínú páìpù tó ń fa omi wá síbi tí wọ́n ti ń sẹ́ ẹ ni. Wọ́n ní omi náà ò léwu, mo gbà bẹ́ẹ̀, àmọ́ omi inú ìgò ni wọ́n fi se ọbẹ̀ nílé wa lọ́sẹ̀ yẹn. Èmi ò lọ́kọ̀, mi ò mọ̀ bí wọ́n ṣe ń ju ìwọ̀.

Alásè Àgbà

Ìbéèrè kan péré. Ṣé a ò lè sè é jẹ ni? Oníkarawun ṣáà ni, àwa tá a ń jẹ ìsáwùrú.

Bíọ́lá, olùkọ́ sáyẹ́ǹsì

Ẹ̀gbọ́n, ẹ dákun, ẹ gbé ìkòkò yẹn sọ̀ 😂. Iṣẹ́ tí ẹran yìí ń ṣe láti àárọ̀ dalẹ́ ni kó máa fa omi mu, kó sẹ́ ohun tó wà nínú rẹ̀ jẹ, kó tún da omi síta. Ọ̀kan ṣoṣo lè sẹ́ tó lítà omi kan lóòjọ́. Gbogbo ẹ̀gbin àti májèlé tó bá wà nínú omi náà ló ń kó sára. Ẹran inú rẹ̀ kò sì tó ohun téèyàn ń fi eyín bù jẹ. Ju gbogbo rẹ̀ lọ, kíkó o kiri láàyè lòdì sófin ní Texas.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá rò pé omi tó mọ́ gaara yẹn jẹ́ oore: oúnjẹ àwọn ẹja wẹ́wẹ́ ló ń kó tán. Bí omi bá mọ́, oòrùn á dé ìsàlẹ̀, koríko á hù bolẹ̀. Ó tún máa ń tu irú ewédò olóró kan jáde nígbà tó bá ń jẹ èyí tó dáa, èyí tí kò dáa á wá gba omi kan.

Kò sí nílẹ̀ Amẹ́ríkà tẹ́lẹ̀ rárá. Agbègbè Òkun Dúdú àti Òkun Caspian ni ilé rẹ̀. Ọkọ̀ òkun ńlá ló gbé e wá nínú omi tí wọ́n máa ń rọ sínú ikùn ọkọ̀ kó má bàa fì, wọ́n sì rí i ní Lake St. Clair lẹ́bàá Detroit ní 1988. Mọ̀lẹ́bí rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní quagga tẹ̀ lé e ní 1989. Quagga lè gbé ìsàlẹ̀ omi tó jìn tó sì tutù ju èyí tí zebra lè gbé lọ. Ẹ fẹ́ mọ̀ wọ́n yàtọ̀? Ẹ gbé e kalẹ̀ lórí tábìlì. Zebra ní ikùn pẹlẹbẹ, yóò jókòó. Quagga yóò ṣubú sẹ́gbẹ̀ẹ́.

Ẹ jọ̀wọ́ o, gbogbo oníkarawun tẹ́ ẹ bá rí lómi kọ́ lẹ máa fọ́. Texas ní tirẹ̀ tó jẹ́ ọmọ onílẹ̀, wọn kì í lẹ̀ mọ́ ọkọ̀, inú iyẹ̀pẹ̀ ìsàlẹ̀ omi ni wọ́n máa ń rì sí. Lọ́dún 2024 ìjọba àpapọ̀ fi irú méje láti àárín Texas sábẹ́ ààbò òfin torí wọ́n ti fẹ́ tán. Zebra mussel máa ń gun àwọn wọ̀nyẹn lórí ní ọ̀wọ́ọ̀wọ́ títí wọn ò fi ní lè lanu jẹun.

Ọmọ Ẹlẹ́ja

Ẹ ṣeun gan-an. Bíọ́lá, o ní ó lòdì sófin. Irú ẹjọ́ wo nìyẹn? Àti pé mo fẹ́ràn láti máa ju àwọ̀n mú ẹja wẹ́wẹ́ fi ṣe ìdẹ. Ṣé mo lè gbé àwọn tó bá ṣẹ́kù sínú bọ́kẹ́ẹ̀tì lọ sí adágún míì lọ́jọ́ kejì?

Bàbá Ìbejì, Denton

Rárá o. Ìdẹ tó o bá fọwọ́ ara rẹ mú láàyè, adágún tó o ti mú un ni kó o ti lò ó tán. Èyí tó o bá rà lọ́wọ́ ẹni tó ń tà á, tọ́jú ìwé ẹ̀rí tó o fi rà á, torí wọ́n lè dá ẹ dúró kí wọ́n béèrè ẹ̀.

Láti ọdún 2014 ni òfin ti múlẹ̀ ní gbogbo Texas pé tó o bá ń kúrò ní omi ìta gbangba tàbí tó o ń bọ̀ níbẹ̀, o gbọ́dọ̀ ti da gbogbo omi inú ọkọ̀ rẹ nù: táńkì ẹja, bọ́kẹ́ẹ̀tì ìdẹ, ìsàlẹ̀ ọkọ̀, ẹ́ńjìnnì, gbogbo rẹ̀. Kò sí pé ọkọ̀ tèmi kéré. Àfi tó bá jẹ́ pé láti etí kan adágún kan náà lo ti ń lọ sí etí kejì rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn kan náà, tó o sì gba ọ̀nà tààrà. Ẹja tó o bá fẹ́ gbé relé, sọ ọ́ sínú yìnyín. Ní ti gbígbé zebra mussel kiri, owó ìtanràn rẹ̀ lè tó 500 dọ́là bó bá jẹ́ àkọ́kọ́ irú rẹ̀.

Túndé Minnesota

Ẹ kú àsọyé. Níbí, àwa ń gbé láàárín adágún, ọ̀rọ̀ yìí ti dàgbà lọ́wọ́ wa. Lake Minnetonka ti ní zebra mussel láti 2010. Plọ́ọ̀gì ìdí ọkọ̀ rẹ gbọ́dọ̀ wà ní yíyọ nígbà tí ọkọ̀ bá wà lójú títì. Bí ọlọ́pàá bá rí i pé ó ti há síbẹ̀, ó di owó. Tó o bá fẹ́ mú ìdẹ tó ṣẹ́kù lọ, o gbọ́dọ̀ da omi adágún inú rẹ̀ nù, kó o pààrọ̀ rẹ̀ fún omi ẹ̀rọ tàbí omi inú ìgò. Tó ò bá fẹ́ mọ́, inú ààtàn ni kó o jù ú sí, má dà á sómi.

Ohun tí àwọn èèyàn wa tó bá ra ilé létí omi kì í rántí ni pákó tí wọ́n ń so ọkọ̀ mọ́ àti irin tí wọ́n fi ń gbé ọkọ̀ sókè. Tí aládùúgbò bá fẹ́ ta tiẹ̀ fún ẹ, ìgbà ooru kan ni nǹkan yẹn ti fi wà nínú omi. Òfin níbí ni pé kó wà lórí ilẹ̀ gbígbẹ fún ọjọ́ 21 gbáko kó tó wọ adágún míì.

Ẹni tó bá sì ń sọ pé tó bá dé, wọ́n á da oògùn sí i: ẹ béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Christmas Lake níbí. Wọ́n rí i ní 2014, kò tíì kọjá igun kan péré. Wọ́n fi aṣọ dí igun yẹn, wọ́n da oògùn mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ sí i. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e wọ́n tún rí i lẹ́yìn aṣọ. Idaho náà da oògùn bàbà sínú Snake River ní Twin Falls nígbà tí wọ́n rí quagga ní 2023, ẹja kú lọ síbẹ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, nígbà tó di 2024 wọ́n tún rí i, wọ́n tún dà á. Ibì kan tí mo mọ̀ pé ó ṣiṣẹ́ pátápátá ni Millbrook Quarry ní Virginia ní 2006, ìyẹn sì jẹ́ kòtò òkúta tí omi kún, kò sí odò tó ń wọ̀ ọ́.

Ọmọ Ìlàjẹ

Ohun tí Túndé sọ yìí kò ṣàjèjì sí àwa tá a dàgbà lórí omi. Ojú oró àti òṣíbàtà la mọ̀ nígbà èwe àwọn bàbá wa, wọ́n ń gbé orí omi, omi ń gbà wọ́n. Ní 1984 ni ewéko olódòdó àlùkò tí wọ́n ń pè ní water hyacinth gba Badagry wọlé láti ìhà Benin. Àwọn kan tiẹ̀ ń yìn ín pé òdòdó rẹ̀ rẹwà. Kò pẹ́ tó fi di pé ọkọ̀ ò lè kọjá mọ́ lójú omi wa, àwọ̀n ò ṣeé dà, ọmọléèwé ń pẹ́ délé ìwé. Títí di òní ni wọ́n ń kó o, tó ń padà wá. Ẹ fọ ọkọ̀ yín, ẹ̀yin ará Texas.

Táíwò Lọ́ńdọ̀n

Àwa tí kò lọ́kọ̀ ńkọ́? Zebra mussel ti wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láti nǹkan bí ọdún 1824, ẹ gbọ́ bí mo ṣe wí. Quagga ni wọ́n wá rí ní 2014 nínú odò Wraysbury, kò jìnnà sí Heathrow. Ọ̀pọ̀ wa tó ń lọ pẹja lópin ọ̀sẹ̀, bàtà gígùn àti àwọ̀n la ń gbé kiri láti omi kan dé òmíràn, àwọ̀n tútù sì lè gbé nǹkan yìí bíi ti ọkọ̀.

Wọ́n ń pariwo fún wa níbí pé kéèyàn yẹ̀ ẹ́ wò, kó fọ̀ ọ́, kó gbẹ ẹ́. Ní ti fífọ̀, omi gbígbóná tó tó 45°C ni kẹ́ ẹ ki àwọ̀n àti bàtà yín sí fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Kò le tó èyí tí Ìyá Ọlọ́kọ̀ ń fi fọ ọkọ̀, ìdí nìyẹn tó fi gbọ́dọ̀ pẹ́ nínú rẹ̀. Mo máa ń ṣe tèmi nínú báàfù nígbà tí ìyàwó bá lọ ṣọ́ọ̀ṣì.

Fúnmi Ẹja Inú Ilé

Ẹ má gbàgbé àwa olówó táńkì náà. Ní oṣù kẹta ọdún 2021, wọ́n rí zebra mussel láàyè nínú àwọn bọ́ọ̀lù ewédò aláwọ̀ ewé tí wọ́n ń tà láti fi ṣe táńkì ẹja lọ́ṣọ̀ọ́, ní ìpínlẹ̀ Washington. Kò pẹ́ tí wọ́n tún fi rí i ní ìpínlẹ̀ lóríṣiríṣi. Ukraine ni wọ́n ti kó wọn wọlé. Ẹ rò ó wò: àwọn ibodè tó ń yẹ ọkọ̀ wò lójú títì, ó gba inú àpótí ìfìwéránṣẹ́ kọjá wọn.

Bó o bá ní irú bọ́ọ̀lù yẹn tí ọkàn rẹ ò balẹ̀, fi sínú fírísà di ọjọ́ kejì, ó kéré tán wákàtí 24, tàbí kó o sè é nínú omi tó ń hó fún ìṣẹ́jú kan ó kéré tán. Lẹ́yìn náà dì í sínú ọ̀rá, ààtàn ló ń lọ. Má jù ú sí ṣáláńgá tàbí ilé ìgbọ̀nsẹ̀, má sì da omi táńkì náà sí gọ́tà tàbí odò.

Gbénga Sacramento

Ọ̀kan ti tún dé o. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2024 ni wọ́n rí golden mussel, oníkarawun mìíràn tó ń lẹ̀ mọ́ nǹkan bíi zebra mussel, ní èbúté Stockton níbí, ìgbà àkọ́kọ́ ní gbogbo Àríwá Amẹ́ríkà. Ṣáínà ni ìran rẹ̀ ti wá. Àwọn ará Brazil ti mọ̀ ọ́n tipẹ́, ó ti dé ibi tí wọ́n ti ń fi omi dáná mànàmáná ní Itaipu láti 2001. Ní báyìí, adágún kan wà níbí tó jẹ́ pé wọ́n máa fi èdídì so ọkọ̀ rẹ mọ́ tirélà, ọgbọ̀n ọjọ́ lo máa dúró kí wọ́n tó gbà ọ́ láyè. Ẹ̀yin ará Texas tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbé ọkọ̀ wá sọ́dọ̀ wa, ẹ pe adágún tẹ́ ẹ ń lọ kẹ́ ẹ tó gbéra.

Kọ́lá Jẹ́jẹ́

Kayak ńkọ́? Tèmi ò ní ẹ́ńjìnnì, ò ní táńkì.

Ìyá Ọlọ́kọ̀

Ó kàn án, Kọ́lá. Omi máa ń sá pamọ́ sí abẹ́ àga rẹ̀ àti inú ihò tí wọ́n ń ki ẹsẹ̀ bọ̀. Dojú rẹ̀ dé, jẹ́ kó kán tán. Àti àwọn ọmọ tó ń wa ọkọ̀ tí wọ́n fi ń dá ìgbì sílẹ̀ kí wọ́n lè fò: táńkì tó ń mu omi nínú ìyẹn ló burú jù, ẹ̀rọ rẹ̀ kì í fa omi tán láéláé. Omi gbígbóná ni kí wọ́n rọ sí i, àmọ́ kó má ju 120°F lọ kó má bàa ba ẹ̀rọ náà jẹ́.

Ọmọ Ẹlẹ́ja

Ẹ̀yin àgbà, ẹ ṣé o. Mo ti lọ wo ọkọ̀ náà. Abẹ́ rẹ̀ jọ̀lọ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n nígbà tí mo tan iná sí ihò tí ẹ́ńjìnnì ti ń fa omi, mo rí méjì tó lẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ìlà ara wọn hàn kedere. Ọkùnrin náà fi ọ̀bẹ há wọn dànù, ó ní "nǹkan kékeré nìyẹn". Mo ní kó dín owó kù, ó sì dín in. Mo ti ṣètò pé ibi ìfọkọ̀ kan tó ní omi gbígbóná ni tirélà máa kọ́kọ́ yà sí kí n tó gbé e délé. Ẹ́ńjìnnì yẹn ńkọ́, báwo ni mo ṣe máa fọ inú rẹ̀?

Bàbá Ìbejì, Denton

Ibi tó o rí méjì, má rò pé méjì péré ló wà. Ẹ wá ibòmíràn wò nínú ẹ́ńjìnnì náà, wọ́n lè ti dí ọ̀nà tí omi ń gbà tu ẹ́ńjìnnì lára, ìyẹn sì lè jẹ́ kó jóná mọ́ ẹ lọ́wọ́ láàárín omi. Àwọn rọ́bà méjì kan wà tí wọ́n ń tà, wọ́n ń so ọ́ọ̀sì mọ́ wọn, wọ́n á sì bo ihò ìfàmi náà láti ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Tan omi kó o tó tan ẹ́ńjìnnì, kó máa ṣiṣẹ́ fún ìṣẹ́jú mélòó kan, kó o sì wo ibi tí omi ti ń tú jáde bóyá ó lágbára. Bí kò bá lágbára, gbé e lọ fún mẹkáníìkì kó tú u. Sì ránṣẹ́ sí àwọn Texas Parks and Wildlife, iléeṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó ẹja àti ẹranko ní Texas, ya fọ́tò rẹ̀ mọ́ ọn.

Ìyá Ọlọ́kọ̀

Tó bá délé, ṣí gbogbo ìdérí tó ní, gbé kùṣọ́ìnì àga àti okùn síta lọ́tọ̀, gbé imú tirélà ga kí ìdí rẹ̀ lè dà. Má fi tapólì bò ó, kò sí ohun tó ń gbẹ lábẹ́ tapólì.